Ọlọ́pàá Kì í Pín Ilé

Leeds
Ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kẹwàá, 2023

Bàbá mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ṣé ara le? Ṣé eékún yẹn ti jẹ́ kí ẹ gbádùn? Kíkẹ́, ọmọ ẹ̀gbọ́n yín, sọ fún mi pé etí yín ti burú débi pé tí òun bá pè yín lórí fóònù, ohun tí òun kò bèèrè lẹ ń dáhùn. Ìdí nìyẹn tí mo fi padà sí lẹ́tà. Ẹnìkan nínú ìjọ wa ń bọ̀ wá sí Ìbàdàn, òun ni yóò bá mi fi ránṣẹ́ sí Ṣakí. Ọkọ mi kí yín. Otútù ti bẹ̀rẹ̀ níbí, iṣẹ́ nọ́ọ̀sì kò sì dín kù.

Bàbá, ọ̀rọ̀ ilé ojú ọ̀nà Ògbòòrò ni mo torí rẹ̀ kọ̀wé. Ó ti lé lọ́dún kan tí Ayọ̀, àbúrò mi, ti kú. Mo dákẹ́ títí nítorí ọ̀fọ̀. Ẹ mọ̀ pé èmi ni mo ra gbogbo ohun tí a fi kọ́ ilé yẹn, láti orí búlọ́ọ̀kù dé orí páànù. Gbogbo rìsíìtì rẹ̀ wà lọ́wọ́ mi. Ayọ̀ ń bá mi mójú tó o ni, mo sì ní kí òun àti ìyàwó rẹ̀ máa gbé inú rẹ̀ títí n ó fi dé. Mo ti ń múra àtidé báyìí. Mo ránṣẹ́ sí Misturat ìyàwó rẹ̀ pé kó wá ibòmíràn kí ọdún tó parí. Ó dá mi lóhùn pé ilé ọkọ òun ni òun wà.

Kíkẹ́ tún ní ọkùnrin kan ń wọlé, ó ń jáde níbẹ̀. Ó ní òun fi ojú ara òun rí i lórí òrùlé.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ lọ bá Dípíò ní tèṣàn, kí wọ́n rán ọlọ́pàá méjì lọ mú un jáde wọ́ọ́rọ́wọ́. Mi ò fẹ́ ìjà. Mo kàn fẹ́ ilé mi.

Ọmọ yín,
Fọlákẹ́mi


Ṣakí
Ọjọ́ kejì oṣù Kọkànlá, 2023

Fọlákẹ́mi, Àbẹ̀kẹ́ mi,

Mo kí ọ, mo kí ọkọ rẹ, mo kí àwọn ará ibi iṣẹ́ rẹ tí n kò mọ̀. Lẹ́tà rẹ bá mi níbi tí mo ti ń yan iṣu tí n ó fi ṣe èbù. Etí mi kò burú tó bí Kíkẹ́ ṣe ròyìn rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí ó bá pọ̀ jù ni n kì í gbọ́ tán. Iṣu ọdún yìí kò tóbi, ṣùgbọ́n ó dùn.

Mo ṣe bí o ṣe wí, mo lọ sí tèṣàn. Obìnrin ni Dípíò tí wọ́n gbé wá báyìí, ọmọ ìhà Àkókó. Ó fún mi ní àga. Nígbà tí ó rí i pé etí mi wúwo, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ sókè, tó fi jẹ́ pé gbogbo ẹni tó wà ní tèṣàn lọ́jọ́ náà ló mọ ọ̀rọ̀ ilé wa.

Ó ní, “Bàbá, ṣé ìyàwó ọmọ yín lu ẹnìkan ni?”

Mo ní rárá.

“Ṣé ó jalè?”

Mo ní rárá.

“Ṣé ó fipá já wọlé?”

Mo ní ọmọ mi ló mú un wọlé, lójú mi, èmi ni mo sì ṣe àdúrà.

Ó ní, “Kí wá ni kí n mú un fún?”

Ó wá ṣàlàyé fún mi. Ó ní bí ènìyàn méjì bá ń jà lórí ilé, tí wọ́n fẹ́ fọ́ orí ara wọn, kí n pe òun, òun yóò dé. Ṣùgbọ́n ẹni tó ni ilé àti ẹni tí yóò jáde, kóòtù nìkan ló lè sọ ìyẹn. Bí kóòtù bá ti dájọ́, tí òṣìṣẹ́ kóòtù fẹ́ lọ ṣe iṣẹ́ rẹ̀, òun lè fún un ní ọlọ́pàá tí yóò tẹ̀ lé e kí rògbòdìyàn má bàa bẹ́. Kò sí agbára mìíràn lọ́wọ́ òun. Ó ní, “Ọlọ́pàá kì í pín ilé, Bàbá.” Mo dúpẹ́, mo padà sílé.

Ọkùnrin tí Kíkẹ́ rí lórí òrùlé, Muhydeen ni, ẹ̀gbọ́n Misturat tó ń gbé ní Ìgbòho. Ìjì ìparí òjò ṣí páànù ẹ̀yìn ilé, òun ló wá kàn án. Kíkẹ́ ì bá ti bèèrè, wọn ì bá ti sọ fún un.

Nípa ilé fúnra rẹ̀, òótọ́ ni pé ìwọ lo ra gbogbo ohun èlò. N kò lè jiyàn rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwọ náà mọ̀ pé bíríkìlà ni Ayọ̀, òun ló sì to búlọ́ọ̀kù wọ̀nyẹn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ní gbogbo ọdún tí ó fi kọ́ ọ, kò gba iṣẹ́ ẹlòmíràn. Ilẹ̀ sì ni mo fún un lójú ẹbí. Àwọn nǹkan wọ̀nyí kì í ṣe nǹkan tí ọlọ́pàá méjì lè dúró lẹ́nu ọ̀nà yanjú.

Bí o bá fẹ́ kóòtù, ọ̀nà wà. Bí o bá fẹ́ kí a jókòó gẹ́gẹ́ bí ẹbí, àga wà nílé mi. Fi sùúrù sí i. Àdúràgbèmí ọmọ Ayọ̀ ti wọ kíláàsì kejì. Ó ti ń kàwé fún mi, kò sì mọ̀ pé n kò gbọ́ ìdajì rẹ̀.

Bàbá rẹ,
Ìyápọ̀


Leeds
Ọjọ́ ogún oṣù Kọkànlá, 2023

Bàbá mi,

Ẹ kú ìsinmi. Mi ò tíì rí èsì yín. Mo mọ̀ pé ọ̀nà jìn, ṣùgbọ́n mo tún mọ̀ pé ẹ fẹ́ràn Misturat, mo sì rò pé bóyá ẹ ò lọ sí tèṣàn rárá. N kò bá yín jà nítorí ìyẹn.

Kí n má bàa dà yín láàmú mọ́, mo ti bá Samsudeen sọ̀rọ̀. Ẹ rántí rẹ̀, a jọ wà ní kíláàsì kan náà ní girama. Ó mọ àwọn ọlọ́pàá kan níbi tó ń gbé. Wọ́n ní bí mo bá sọ pé ọ̀rọ̀ ilé ni, àwọn ò ní lè wá. Wọ́n ní kí n sọ pé ó jí jẹnẹrétọ̀ mi. Jẹnẹrétọ̀ yẹn wà nínú ilé lóòótọ́, èmi ni mo sì rà á, nítorí náà kì í ṣe irọ́ pátápátá. Wọ́n á kàn dẹ́rù bà á díẹ̀ ni, á sì kó ẹrù rẹ̀.

Ẹ má jáde lọ́jọ́ tí wọ́n bá wá. Ẹ jókòó sílé yín, kí ẹnikẹ́ni má bàa sọ pé ọwọ́ yín wà níbẹ̀.

Fọlákẹ́mi


Ṣakí
Ọjọ́ kẹrin oṣù Kejìlá, 2023

Fọlákẹ́mi,

Mo kí ọ. Lẹ́tà rẹ kejì dé lẹ́yìn àwọn tí o rán. Bóyá tèmi ṣì wà lójú ọ̀nà nígbà tí ìwọ ń kọ tìrẹ. N kò lè bá ọ̀nà jà.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni n ó kọ, n kò ní fi kún un.

Mo wà lẹ́yìn ilé, mò ń sá èlùbọ́, nígbà tí Àdúràgbèmí sáré dé láìwọ bàtà. Ẹnu rẹ̀ ń ṣí, ó ń pa dé, n kò gbọ́ nǹkan kan. Nígbà tó yá, kò sọ̀rọ̀ mọ́, ó di ẹ̀wù mi mú, ó ń fà mí. Mo tẹ̀ lé e.

Nígbà tí a débẹ̀, ẹrù ti wà níta. Bẹ́ẹ̀dì, ìkòkò, aṣọ àwọn oníbàárà tí Misturat ń rán. Maṣíìnì ìránṣọ rẹ̀ dojú bolẹ̀ nínú gọ́tà, ọwọ́ rẹ̀ ti kán. Wọ́n ti fi àgádágodo tuntun ti ilẹ̀kùn. Ọlọ́pàá mẹ́ta ni, kò sí ọ̀kan nínú wọn tó jẹ́ ti ìlú yìí. Misturat ti wà nínú ọkọ̀ wọn, gèlè kò sí lórí rẹ̀.

Mo bèèrè ohun tó ṣe. Èyí tó ga jù nínú wọn fi ẹnu kan etí mi, ó ní, “Jẹnẹrétọ̀!”

Mo ní, “Jẹnẹrétọ̀ náà nìyẹn lábẹ́ fèrèsé.”

Ó yíjú wò ó. Ó ní àwọn yóò gbé e gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí. Wọ́n gbé e sẹ́yìn ọkọ̀, wọ́n sì lọ. Àwọn aládùúgbò dúró. Gbogbo wọn mọ̀ pé ìwọ lo rán wọn, nítorí èyí tó kéré jù nínú àwọn ọlọ́pàá náà ti sọ ọ́ fún ẹni tó ń ta epo ní iwájú.

Mo lọ bá Dípíò. Kò mọ̀ sí i. Ó ní ọlọ́pàá tó bá ti ibòmíràn wá mú ènìyàn níbí, ó yẹ kó kọ́kọ́ yà lọ́dọ̀ òun. Ó ń tẹ fóònù, ó ń tẹ̀ ẹ́, títí tó fi rí wọn bá sọ̀rọ̀. Wọ́n ti yà sí tèṣàn kan lójú ọ̀nà. Mo wọ ọkọ̀ tẹ̀ lé wọn. Ilẹ̀ ti ṣú kí n tó débẹ̀, wọ́n ní ọ̀gá ti lọ sílé, wọn kò jẹ́ kí n rí Misturat. Ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ni Misturat sùn sí lẹ́yìn kántà. Èmi sùn nínú mọ́sálásí tó wà ní òdìkejì títì, wọn kò bi mí ní ẹ̀sìn mi.

Ní òwúrọ̀, Dípíò wa ti bá ọ̀gá wọn sọ̀rọ̀. Wọ́n ní kí n wá dúró fún un. Ẹni tó ń kọ orúkọ wo ìwé, ó wò mí.

Ó ní, “Bàbá, ẹ̀yin ni bàbá ẹni tó pe ẹjọ́. Ẹ tún wá dúró fún ẹni tí wọ́n pè?”

Mo ní, “Ọmọ mi ni àwọn méjèèjì. Ibo lẹ fẹ́ kí n fọwọ́ sí?”

Nígbà tí a padà dé, Dípíò ránṣẹ́ sí àwọn mẹ́ta yẹn kí wọ́n wá ṣí ohun tí wọ́n tì, kí wọ́n sì dá jẹnẹrétọ̀ padà. Wọ́n ṣe é. Ó ní òun kò lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ pé Misturat ló ni ilé, bẹ́ẹ̀ ni òun kò lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ pé kì í ṣe tirẹ̀. Ibi tí wọ́n bá a ni wọn yóò fi í sí títí kóòtù yóò fi sọ̀rọ̀.

Òjò kò rọ̀ sórí àwọn ẹrù náà, ìyẹn dára. Àdúràgbèmí kò kàwé fún mi láti ọjọ́ náà.

Bàbá rẹ,
Ìyápọ̀


Leeds
Ọjọ́ kejì oṣù Kìíní, 2024

Bàbá mi,

Ẹ kú ọdún. Lẹ́tà yín méjèèjì dé lọ́wọ́ mi lọ́jọ́ kan náà. Èyí ti oṣù Kejìlá ni mo kọ́kọ́ ṣí.

Mi ò ní kí wọ́n fọ́ maṣíìnì. Mi ò ní kí wọ́n mú un sùn sí àtìmọ́lé. Mo bá Samsudeen sọ ọ́, ó ní iṣẹ́ ọlọ́pàá kò ní bí a ṣe ń fi ọwọ́ ẹ̀rọ̀ ṣe é. Nípa ti Muhydeen, ì bá dára ká ní mo mọ̀. Mi ò mọ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi náà. Ọdún kẹrìnlá rèé tí mo ti wà níbí. Mo wẹ arúgbó, mo gbé òkú, mo jókòó sínú ọkọ̀ ojú irin pẹ̀lú ẹsẹ̀ wíwú. Nígbà tí ó bá rẹ̀ mí, ilé yẹn ni mo máa ń rò. Mo mọ ibi tí n ó gbé àga sí. Ayọ̀ máa ń fi àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi, á ní, “Ilé yín ti ń ga o, Àǹtí.” Ilé yín ló máa ń sọ. Kò sọ ilé wa rí. Ẹ̀yin náà sì lọ fọwọ́ sí ìwé fún ẹni tí mo pè lẹ́jọ́, lójú àwọn tí kò mọ̀ wá rí.

Mo ti gba lọ́yà. A ó lọ sí kóòtù bí Dípíò yín ṣe wí. Bí wọ́n bá pè yín, ẹ sọ ohun tí ẹ mọ̀.

Fọlákẹ́mi


Ṣakí
Ọjọ́ kejìlélógún oṣù Karùn-ún, 2024

Fọlákẹ́mi, Àbẹ̀kẹ́,

Mo kí ọ. Mo kọ lẹ́tà sí ọ nínú oṣù Kejì, n kò rí èsì. Mo tún kọ òmíràn nígbà tí kajú ń so, n kò rí èsì ìyẹn náà. Mo mọ̀ pé wọ́n dé ọ̀dọ̀ rẹ, nítorí lọ́yà rẹ fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ohun tó wà nínú wọn ní kóòtù. N kò bínú. Inú mi tilẹ̀ dùn pé ò ń kà wọ́n.

Lọ́yà náà yóò ti sọ fún ọ bí ó ṣe parí. N ó sọ ohun tí mo rí. Adájọ́ kóòtù ìbílẹ̀ fúnra rẹ̀ wá wo ilé. Ó wọ yàrá kọ̀ọ̀kan, ó fi ọwọ́ pa ògiri. Lẹ́yìn náà, ó ní kí n dúró kí n sọ tèmi.

Ó ní, “Ta lẹ fún ní ilẹ̀?”

Mo ní Ayọ̀ ni, lójú ẹbí.

“Ta ló ra búlọ́ọ̀kù?”

“Fọlákẹ́mi.”

“Ta ló tò ó?”

“Ayọ̀.”

Ó bèèrè bóyá àwọn méjèèjì bá ara wọn ṣe àdéhùn kankan lójú mi. Mo ní wọn kò ṣe é. Tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ni wọ́n. Ká ní ẹnìkan nínú wọn bèèrè àdéhùn nígbà náà, èmi gan-an ni ì bá kọ́kọ́ bá a wí.

Lọ́yà rẹ gbé rìsíìtì jáde. Adájọ́ wò wọ́n dáadáa, ó sì gbà wọ́n. Ṣùgbọ́n ó ní rìsíìtì fi hàn pé o ra sìmẹ́ńtì ni, kò fi hàn pé o ra ilẹ̀, kò sì fi hàn pé wàhálà Ayọ̀ kò jẹ́ nǹkan. Ẹjọ́ tí ó dá ni pé ilé náà jẹ́ ti ìwọ àti Ayọ̀. Ìpín Ayọ̀ ti di ti Àdúràgbèmí. Ìyá rẹ̀ lè máa tọ́ ọ níbẹ̀. Kò sí ẹni tó lè lé ẹnìkejì jáde, ẹni tó bá sì fẹ́ kí a pín in, kó padà wá sí kóòtù. Kó tó dìde, ó ní ọ̀nà tó yẹ kí ẹjọ́ yìí gbà wọlé láti ìbẹ̀rẹ̀ nìyí, kì í ṣe ẹ̀yìn ọkọ̀ ọlọ́pàá. Lọ́yà rẹ tẹrí ba.

Mo rò pé ó ti parí. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, Misturat wá kúnlẹ̀ kí mi. Ó fi kọ́kọ́rọ́ sílẹ̀ lórí ẹní. Ó ní òun ń lọ sí Ìgbòho lọ́dọ̀ Muhydeen.

Mo ní, “Kóòtù ní kí o dúró.”

Ó ní, “Bàbá, mo gbọ́. Kóòtù ní mo lè dúró. Wọn ò sọ pé mo lè sùn.”

Ó wá sọ fún mi pé bí ọkọ̀ bá ti dúró níwájú ilé, ì báà jẹ́ ti ẹni tó fẹ́ rán aṣọ, Àdúràgbèmí á sáré lọ sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, á dì mọ́ ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì náà. Wọ́n ti gbìyànjú láti yí yàrá padà, kò yàtọ̀. N kò mọ̀. Ó ti ń wá sọ́dọ̀ mi, ó ń jẹun, mo rò pé ó ti gbàgbé.

Ilé rẹ ti ṣófo, bí o ṣe fẹ́. Jẹnẹrétọ̀ wà nínú rẹ̀. N kò lè máa lọ gbálẹ̀ rẹ̀, ọ̀nà náà ti jìn fún mi. Kíkẹ́ ní òun lè gbé ayálégbé síbẹ̀. Mo ní kó dúró de ohùn rẹ.

Èmi kò dá ọ lẹ́bi ju bí mo ṣe dá ara mi lẹ́bi pé mi ò tètè rìn sí ọ̀rọ̀ náà kó tó bàjẹ́. Ṣùgbọ́n n kò ní parọ́ fún ọ pé kò dùn mí.

Bàbá rẹ,
Ìyápọ̀


Leeds
Ọjọ́ kẹtàlá oṣù Keje, 2024

Misturat,

Ẹ kú ilé, ẹ kú ọmọ. Bàbá ló fún mi ní àdírẹ́sì ẹ̀gbọ́n rẹ. Mo ti bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà yìí, mo ti fà á ya, kí n tó kọ èyí.

Mo fi ẹ̀sùn olè kàn ọ́. O kì í ṣe olè, mo sì mọ̀ ọ́n lọ́jọ́ tí mo sọ ọ́. Wọ́n ní kí n sọ ọ́ kí wọ́n lè rí ọ̀nà wá, mo sì sọ ọ́. Mo tọrọ àforíjì.

Mò ń bọ̀ wálé nínú oṣù Kejìlá. Bí o bá fẹ́ padà sí ilé náà, padà. N ó máa gbé lọ́dọ̀ Bàbá. Bí o kò bá fẹ́, sọ ohun tí o fẹ́ fún mi. N ó ra maṣíìnì mìíràn fún ọ. Sọ irú èyí tí ó yẹ.

Ṣé mo lè wá kí yín?

Fọlákẹ́mi, ẹ̀gbọ́n Ayọ̀


Ìgbòho
Ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kẹsàn-án, 2024

Àǹtí mi,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú àjò. Ẹ ṣeun tí ẹ kọ̀wé. Ó pẹ́ lọ́wọ́ mi kí n tó dáhùn. Mi ò mọ bí a ṣe ń kọ̀wé sí yín. Àwòrán nìkan ni a fi mọ ara wa. Lọ́jọ́ tí mo wà nínú ọkọ̀ ọlọ́pàá, ohun tí mò ń rò ni pé n kò gbọ́ ohùn yín rí.

Mo gba ẹ̀bẹ̀ yín. Mo sọ ọ́ fún Bùọ̀dá mi Muhydeen, ó ní kí n dúró kí ara mi kọ́kọ́ rọ̀, kí n má sọ ohun tí kò tíì dénú. Mo dúró. Ó ti dénú díẹ̀.

Ẹ má ra maṣíìnì. Wọ́n ti bá mi tún ọwọ́ rẹ̀ ṣe, ó ń ránṣọ. Mo ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan nítòsí ọjà, àwọn oníbàárà ti ń mọ̀ mí. Mi ò ní padà sí ilé ojú ọ̀nà Ògbòòrò. Kì í ṣe ìbínú. Ìpín Àdúràgbèmí wà níbẹ̀. Bí ó bá dàgbà, tí ó bá fẹ́ ẹ, òun ló mọ̀. Bí ẹ̀yin bá fẹ́ máa gbé ibẹ̀, ẹ gbé e pẹ̀lú àlàáfíà. Ayọ̀ fẹ́ kí ẹ gbé e. Ó máa ń sọ ọ́. Yàrá tó kọjú sí ìlà oòrùn, ó ní tiyín nìyẹn, kò jẹ́ kí a kó ẹrù sínú rẹ̀ títí tó fi kú.

Ara Bàbá le. Wọ́n wá kí wa nígbà tí iṣu tuntun jáde, wọ́n sì bá ọmọ náà ṣeré.

Ẹ bèèrè bóyá ẹ lè wá. Ẹ wá. Àdúràgbèmí mọ̀ pé ẹ̀ ń bọ̀. Ó ń bèèrè ohun kan lọ́wọ́ mi láti ọdún tó kọjá, mi ò sì tíì dá a lóhùn. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá ẹ mọ̀ pé òun wà nínú ilé lọ́jọ́ tí àwọn ọlọ́pàá wá. Mo ní kó dúró, kó bi yín fúnra rẹ̀.

Èmi ni,
Misturat, ìyàwó Ayọ̀